Ibi Tí Àwọn Géèmù Rẹ Wà

Mọ̀lípa,
Ìjẹ̀bú-Òde.
Ọ̀sán ọjọ́ Ẹtì.

Bísí, ọmọ mi,

Lẹ́tà rẹ tẹ̀ mí lọ́wọ́. Ẹni tó mú un wá kò jókòó, ó ní mọ́tò ń dúró de òun. Mo kà á ní ẹ̀yìnkùlé, níbi tí atẹ́gùn ti máa ń fẹ́, mo sì tún un kà, nítorí pé ojú mi kò ríran bíi ti tẹ́lẹ̀ mọ́, kì í ṣe nítorí pé ohun tó wà nínú rẹ̀ ṣòro. O ní iṣẹ́ tuntun tí o rí ní Ìbàdàn tẹ́ ọ lọ́rùn. O ní Fẹ́mi, àfẹ́sọ́nà rẹ, ti ra ẹ̀rọ géèmù kan tó jọ ti ilé bàbá yín, pé kí n lọ bá ọ gba àwọn kásẹ́ẹ̀tì géèmù rẹ tó wà ní ìdógò lọ́wọ́ Bàbá olórí ẹbí ní Ìjẹ̀bú-Ifẹ̀, kí n sì fi wọ́n ránṣẹ́. O wá fi kún un nísàlẹ̀, bí ẹni tó rántí nǹkan kékeré, pé lọ́jọ́ ìgbéyàwó, ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin ni kó fà ọ́ lé ọkọ lọ́wọ́, pé kò pọn dandan kí á pe ẹnikẹ́ni láti Ìtọ̀rò.

Inú mi dùn sí ti iṣẹ́. Méjì yòókù ló mú mi gbé bírò. Ó rẹ̀ mí, Bísí. Mo fi èyí tó pọ̀ jù nínú ayé mi kọ́ àwọn ọmọ ọlọ́mọ ní ìtàn. Mo mọ bí a ti ń to ọ̀rọ̀ tẹ̀ lé ara wọn, èyí tó ṣẹlẹ̀ ṣáájú àti èyí tó tìdí rẹ̀ yọ, ṣùgbọ́n ìtàn ilé ẹni máa ń sú ni í tò. Mo fẹ́ kọ ọ́ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Kà á dé òpin kí o tó bínú.

Kí n kọ́kọ́ dá ọ lóhùn, kí o má baà máa ṣí ìwé kiri. Àwọn géèmù náà kò sí ní Ìjẹ̀bú-Ifẹ̀ mọ́. A ti gbà wọ́n padà. Wọn kò sì sí lọ́dọ̀ mi. Wọ́n wà ní Ìtọ̀rò, nínú kọ́bọ́ọ̀dù onígíláàsì ní pálọ̀ bàbá yín, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀rọ tí wọ́n jọ ti Lọ́ńdọ́ọ̀nù wá. Bí wọ́n ṣe dé ibẹ̀, àti ìdí tí n kò fi lè kó wọn jáde fún ọ, ni gbogbo ohun tí mo fẹ́ sọ. Ìmọ̀ràn tó bá bá mi lọ́nà, màá máa sọ ọ́ bó ṣe ń bọ̀.

Èkíní, lórí iṣẹ́ rẹ. Máa béèrè. Nígbà tí mo kọ́kọ́ jáde ní yunifásítì, tí wọ́n gbé mi lọ sí Ìjẹ̀bú-Igbó láti lọ kọ́ni, mo wo ara mi pé mo ti kàwé, n kò sì fẹ́ kí ẹnikẹ́ni mọ̀ pé ohun kan wà tí n kò mọ̀. Kò sí àwòrán ilẹ̀ kankan lára ògiri kíláàsì mi. Mo gbà pé ilé-ìwé náà kò ní. Odidi ọdún kan ni mo fi ń yà wọ́n fúnra mi sórí pépà ńlá, tí ẹ̀fúùfù ń ya wọ́n, tí mo ń tún wọn yà. Nígbà tí ọdún parí, tí a ń gbá ọ́fíìsì, ni mo rí àwòrán ilẹ̀ Áfíríkà, ti Nàìjíríà, ti gbogbo ayé, tí wọ́n ká mọ́ra wọn sẹ́yìn àga igbákejì ọ̀gá ilé-ìwé. Mo ní, “Ẹ̀yin wà níbí?” Ọ̀gá náà dá mi lóhùn láìgbójú sókè, “Ibẹ̀ ni wọ́n máa ń wà, Míìsì. Ẹ ò béèrè.”

Mo ti rí i láti ìgbà náà pé èyí tó pọ̀ jù nínú ohun tí a ń sọ pé a kò ní, ó wà níbì kan. Àwa ni a kò lọ síbẹ̀.

Èkejì, bí ọ̀rọ̀ kan bá ti bàjẹ́, má ṣe jẹ́ kí ìbàjẹ́ rẹ̀ nìkan ni o máa rántí. O ti sọ ìtàn ẹ̀rọ géèmù yẹn fún ara rẹ títí ó fi di ìtàn ìjà. Kì í ṣe ibẹ̀ ló ti bẹ̀rẹ̀.

Ìgbà tí bàbá yín lọ wo ọjà ní Lọ́ńdọ́ọ̀nù ló mú un bọ̀. Gbogbo wa rò pé ohun èlò ṣọ́ọ̀bù ni, nítorí pé bàbá yín kì í ra ohun tí kò ṣeé tà pẹ̀lú páànù àti ìṣó. Ó tú u lórí tábìlì ní Ìtọ̀rò: àpótí dúdú kan tí ojú rẹ̀ dà bíi pákó, ọ̀pá méjì tí wáyà wà nídìí wọn, ọ̀kan fún ẹni kọ̀ọ̀kan tó bá ń gbá géèmù, àti páálí kásẹ́ẹ̀tì. Ìyálé mi, Màmá Táyọ̀, yí i ká.

“Ṣé ó ń lọ ata?”

“Kò lè lọ ata.”

“Ṣé ó ń lọ aṣọ?”

“Kì í lọ aṣọ.”

“Kí ló wá ń ṣe, Bàbá Táyọ̀?”

“Ó máa ń mú àwọn ọmọ jókòó sójú kan.”

Ó sì mú yín jókòó. Láti ọjọ́ náà, bí o bá ti fọ yunifọ́ọ̀mù rẹ tán ní àárọ̀ Sátidé, o kì í dúró jẹun ní Mọ̀lípa mọ́. Ìtọ̀rò ni. Èmi náà máa ń wá mú ọ nírọ̀lẹ́, mo sì máa ń bá ìwọ àti Táyọ̀ lórí ẹní níwájú tẹlifíṣọ̀n, orúnkún yín kan ara wọn. Ó fi ọdún mẹ́ta jù ọ́ lọ, “Bọ̀dá Táyọ̀” ni o sì ń pè é. Òun ló mọ bí a ṣe ń yí bọ́tìnnì tẹlifíṣọ̀n títí ariwo rẹ̀ yóò fi dákẹ́ tí àwòrán yóò fi yọ. Òun náà ló fi ohun tó wà nínú kásẹ́ẹ̀tì tó nípọn yẹn hàn ọ́, èyí tí bébà ojú rẹ̀ ti ya. O ti sọ ọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan pé géèmù kan péré ló wà nínú rẹ̀, kò sì dùn. Mo wà lẹ́nu ọ̀nà nígbà tí ó sọ fún ọ pé:

“Èyí kì í sọ orúkọ nǹkan tó wà nínú ẹ̀. Nọ́mbà ló ń sọ. Tẹ ibí yìí, máa tẹ̀ ẹ́ lọ. Géèmù ẹ ò sọnù, ìwọ lo ò tíì dé ibi tó wà.”

“Bọ̀dá Táyọ̀, ẹ fi èyí tó ní ọkọ̀ ogun méjì sí i.”

“Kí n tún fìyà jẹ ẹ́? Ṣebí o sunkún ní Sátidé tó kọjá.”

“Mi ò sunkún! Èéfín ló kó sí mi lójú.”

“Èéfín ìbọn inú tẹlifíṣọ̀n?”

Màmá Táyọ̀ rẹ́rìn-ín títí ó fi jókòó sílẹ̀. Bàbá yín jáde láti yàrá tòun ti síńgílẹ́ẹ̀tì, ó ní, “Ẹ̀yin ológun, ẹ dá ìbọn dúró díẹ̀, mo fẹ́ gbọ́ ìròyìn.” Ẹ kò dá a dúró. Ó jókòó tì yín, kò sì gbọ́ ìròyìn kankan lálẹ́ ọjọ́ náà.

Mo rò pé o ti gbàgbé èyí. Bí o kò bá gbàgbé, o kò ní pe àwọn kásẹ́ẹ̀tì náà ní tìrẹ.

Ohun tí mo fẹ́ sọ ṣìkẹta ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn ikú bàbá yín. O kò rí i. Ilé ìdáná ni ẹ̀yin ọmọbìnrin wà lọ́jọ́ tí ẹbí wá pín ogún, èsì rẹ̀ nìkan ni o gbọ́. O mọ̀ pé ìdí-igi ni a fi ń pín in nílé wa: ìyàwó kọ̀ọ̀kan àti àwọn ọmọ rẹ̀ jẹ́ ìdí-igi kan. Bàbá Ìjẹ̀bú-Ifẹ̀, tó jẹ́ àbúrò bàbá bàbá yín àti olórí ẹbí, ló jókòó sórí àga. Ilẹ̀ lọ síbí, ilé lọ sọ́hùn-ún, ṣọ́ọ̀bù di ti gbogbo ọmọ lápapọ̀, kí Táyọ̀ máa bójú tó o. Kò sí ariwo. Wọ́n pín àga, wọ́n pín aago ògiri àti àwo. Nígbà tó yá ni ẹnì kan gbé ẹ̀rọ náà síwájú.

“Kí nìyí?” Bàbá béèrè.

“Ohun ìṣeré àwọn ọmọ ni, Bàbá.”

“Ohun tí olóògbé fi owó rẹ̀ rà ni. Kí ni gbogbo ẹ̀ jẹ́?”

“Àpótí rẹ̀ nìyí. Àwọn kásẹ́ẹ̀tì rẹ̀ nìyí. Ọ̀pá méjì.”

“Ọ̀pá méjì, ìdí-igi méjì. Ọlọ́run ti bá wa pín ìyẹn. Ìdí-igi kìíní, ẹ gbé àpótí. Ìdí-igi kejì, ẹ kó kásẹ́ẹ̀tì.”

Táyọ̀ dúró lẹ́bàá ilẹ̀kùn. Ó dọ̀bálẹ̀ kó tó sọ̀rọ̀. “Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, kò ṣeé pín. Ọ̀kan ò wúlò láìsí èkejì.”

“Ta ló pè ọ́ sí i? Ilé tí bàbá rẹ kọ́ ṣeé pín, ike ni kò ní ṣeé pín?”

Gbogbo pálọ̀ rẹ́rìn-ín. Ọmọ náà dìde, ó jáde.

Èmi jókòó níbẹ̀ pẹ̀lú gbogbo ìwé tí mo kà. Mo mọ̀ pé òtítọ́ ló sọ. Ṣùgbọ́n ìyàwó kejì ni mí, òṣùwọ̀n ni mò ń wò láti òwúrọ̀, pé ṣé tiwa kò kéré sí tiwọn báyìí. Nígbà tí mo rí i pé ó dọ́gba, ọkàn mi balẹ̀. Ó sì dọ́gba lóòótọ́. Wọ́n fún wa ní ohun méjì tí kò wúlò, ọ̀kan kò sì wúlò ju èkejì lọ.

O ń lọ sílé ọkọ. Ọjọ́ kan ń bọ̀ tí ìwọ àti Fẹ́mi yóò bẹ̀rẹ̀ sí í wọn nǹkan: ta ló se oúnjẹ, ta ló lọ kí àwọn ẹbí ta, ta ló ti bẹ ẹnì kejì rí. Nígbà tí o bá rí ara rẹ nídìí òṣùwọ̀n, gbójú sókè kí o wò ó bóyá ohun tí ẹ ń wọ̀n ṣì ń ṣiṣẹ́. Àwọn ará ibí fẹ́ràn kí nǹkan dọ́gba. Ó dára, àìdọ́gba ti tú ọ̀pọ̀ ilé. Ṣùgbọ́n mo ti gbé nínú èyí tó dọ́gba, Bísí, mo sì mọ bó ṣe ń dákẹ́ rọ́rọ́.

Ẹ̀kẹrin ni ọ̀rọ̀ ẹnu. N kò ní fa èyí gùn, torí pé ìwọ náà wà níbẹ̀. Táyọ̀ wá sí Mọ̀lípa nígbà òjò ọdún náà. O ṣí ilẹ̀kùn díẹ̀, o dúró sí àlàfo rẹ̀.

“Bísí, jọ̀ọ́, yá mi kásẹ́ẹ̀tì kan. Màá dá a padà lọ́la.”

“Ẹ gbé ẹ̀rọ wá síbí.”

“Kò lè jáde. Ẹ̀rọ wa ni, Màmá ò ní gbà.”

“Kásẹ́ẹ̀tì wa ni. Màmá tèmi náà ò ní gbà.”

Mo wà ní yàrá, mo ń gbọ́. Ẹnikẹ́ni kò béèrè lọ́wọ́ mi bóyá màá gbà. Kí bàbá yín tó kú, ẹ̀yin méjèèjì ni ẹ jọ ń jẹ́ “wa”. Ó lọ nínú òjò, o sì ti ilẹ̀kùn.

Lẹ́yìn náà ni Kérésìmesì. Gbogbo ẹbí pé sí Ìtọ̀rò lẹ́yìn ìsìn, o gbé páálí kásẹ́ẹ̀tì dání, inú mi dùn, mo rò pé o ti rò ó re. Táyọ̀ gbé ẹ̀rọ jáde. Kí wọ́n tó bu ìrẹsì fún àlejò, ẹ ti ń fa wáyà mọ́ ara yín lọ́wọ́. O pè é ní Táyọ̀ lásán, láìsí bọ̀dá níwájú rẹ̀. O ní olè ni wọ́n nílé náà, pé ẹ̀rọ tí bàbá rẹ rà ni wọ́n jókòó lé lórí. Ó dá ọ lóhùn pé, “Ìyá ẹ ló wá bá wa nílé yìí.”

Ìrẹsì dúró nínú ṣíbí. Bàbá Ìjẹ̀bú-Ifẹ̀ fi ọ̀pá rẹ̀ lu ilẹ̀.

“Ó tó. Kó gbogbo kásẹ́ẹ̀tì yẹn wá síbí. Ó di ìdógò lọ́wọ́ mi. Ọjọ́ tí ẹ̀yin méjèèjì bá jọ wá béèrè rẹ̀, ẹ ó rí i gbà. Bí ẹnì kan bá dá wá, kó má wulẹ̀ wá.”

Ẹyin ni ohùn, a kì í ṣà á mọ́ bó bá fọ́. N kò sọ pé kí o ṣà á. Ohun kan ni mo fẹ́ kí o rò. Ọ̀rọ̀ tí Táyọ̀ sọ lọ́jọ́ náà, èmi ló bà. Èmi ni mo wá bá wọn nílé lóòótọ́, mo sì ti gbé ọ̀rọ̀ náà kalẹ̀ tipẹ́tipẹ́, nítorí pé ó wúwo, n kò sì lágbára mọ́. Ta ni ìwọ wá ń bá rù ú?

Ẹ kò jọ lọ sí Ìjẹ̀bú-Ifẹ̀. O wọ yunifásítì, o ṣe àgùnbánirọ̀, Táyọ̀ gba ṣọ́ọ̀bù. Bí ẹ bá pàdé ní ṣọ́ọ̀ṣì, ẹ ń kí ara yín bí ẹni tó ń kí akọ̀wé ilé ìfìwéránṣẹ́.

Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn tó kọjá, Màmá Táyọ̀ wá dúró lẹ́nu ọ̀nà mi, ó ń mí hẹlẹhẹlẹ.

“Ìyàwó, wọ aṣọ.”

“Níbo la fẹ́ lọ, Ìyá wa?”

“Ìjẹ̀bú-Ifẹ̀. Bàbá ń ṣàárẹ̀. Bí nǹkan bá ṣe é, àwọn tó wà níbẹ̀ máa kó ẹrù wa mọ́ ilẹ̀ gbá dànù.”

“Ẹ rántí pé àwọn ọmọ ló ní kí wọ́n jọ wá.”

“Ọmọ dà? Èmi ò rí ọmọ. Alágídí méjì ni mo rí. Ìwọ bí ọ̀kan, èmi bí ọ̀kan. Wọ aṣọ, jàre.”

Wọ́n há wa mọ́ ẹ̀yìn takisí pẹ̀lú obìnrin kan tó gbé apẹ̀rẹ̀ ọsàn lé ẹsẹ̀. Dírẹ́bà ń wò wá nínú dígí. Ó ní, “Ẹ̀yin màmá, ẹ jọra o. Ṣé ọmọ ìyá ni yín?” Màmá Táyọ̀ dáhùn kí n tó yanu: “Ọkùnrin kan ló kó wa pọ̀, ó wá sá lọ.” Mo rẹ́rìn-ín, mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi. Obìnrin ọlọ́sàn fún wa ní ọsàn kọ̀ọ̀kan, ó rò pé ẹkún ni mò ń sun.

Bàbá dùbúlẹ̀ lẹ́bàá fèrèsé, rédíò wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ orí rẹ̀. A kúnlẹ̀ kí i. Ó wò wá títí.

“Àwọn ọmọ ni mo ní kó wá.”

“Àwa la wá, Bàbá,” ni ìyálé mi wí. “Àwọn ò wá. Ẹ gbà wá bẹ́ẹ̀.”

Ó dijú. Mo rò pé ó ti sùn. Ìgbà tí yóò sọ̀rọ̀, ojú fèrèsé ló kọ sí.

“Ọmọ yẹn sọ fún mi, àbí kò sọ? Ó ní kò ṣeé pín. Mo fi í ṣe yẹ̀yẹ́ lójú gbogbo ẹbí. Ẹni tó bá dùbúlẹ̀ síbí máa ń rántí nǹkan.” Ó nawọ́ sí abẹ́ bẹ́ẹ̀dì. “Ẹ gbé e. Ibi tí ẹ̀rọ bá wà ni kó wà. Ẹni tó bá fẹ́ gbá géèmù, kó lọ bá a níbẹ̀. Ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ kó o jáde mọ́, ì báà jẹ́ ìdí-igi wo.”

A fọwọ́ sórí páálí náà, èmi àti ìyálé mi, a sì ṣèlérí fún un. Ìdí tí n kò fi lè fi wọ́n ránṣẹ́ sí Ìbàdàn nìyẹn. Kì í ṣe pé Ìtọ̀rò gbà wọ́n lọ́wọ́ rẹ. Bàbá ṣì wà láàyè, àárẹ̀ kò tíì fi í sílẹ̀, n kò sì ní jẹ́ kó gbọ́ pé mo ti tún un pín.

Ìtọ̀rò la gbé e gbà. Táyọ̀ ti ṣọ́ọ̀bù dé, ìpẹtà páànù wà ní ọwọ́ rẹ̀. Ó rí ohun tó wà nínú páálí. Ó lọ fọ ọwọ́. Ó mú aṣọ funfun, ó ń nu ẹnu àwọn kásẹ́ẹ̀tì náà lọ́kọ̀ọ̀kan, ó ń fẹ́ afẹ́fẹ́ sí wọn. Ó ki èyí tó nípọn bọ ẹ̀rọ, ó yí bọ́tìnnì tẹlifíṣọ̀n àtijọ́ yẹn títí ó fi mọ́lẹ̀, ó sì ń tẹ nọ́mbà lọ, kò wo ọwọ́ ara rẹ̀, títí ọkọ̀ ogun méjì fi yọ.

Ọ̀kan bẹ̀rẹ̀ sí í rìn. Ó rìn yí ògiri ká, ó yọ sí èkejì lẹ́yìn, ó dúró. Èkejì wà níbi tó wà.

“Yìnbọn lù ú, nígbà tó dúró bí òpó!” Màmá Táyọ̀ kígbe láti ọ̀nà ilé ìdáná.

“Kò sẹ́ni tó mú un dání, Màmá.”

“Ìyẹn ló fi rọrùn!”

“Ìyẹn ni mi ò fi ní yìn ín.”

Ó pa ẹ̀rọ. Ó tò wọ́n sínú kọ́bọ́ọ̀dù, ó wá yíjú sí mi. “Màmá Bísí, ẹ jọ̀ọ́, ọ̀pá tiyín ńkọ́?” Mo ní inú àpótí aṣọ rẹ ló wà, ní Mọ̀lípa. Ó mi orí. Ó sìn mí dé títì, ó dá takisí dúró fún mi, ó di ilẹ̀kùn rẹ̀ mú, kò tì í.

“Ṣé òótọ́ ni pé Bísí fẹ́ ṣe ìgbéyàwó?”

“Òótọ́ ni, Táyọ̀.”

“Ta ló máa fà á lé ọkọ lọ́wọ́?”

Mo sọ fún un pé a kò tíì mọ̀. Ó ní, “Ẹ ṣeun, mà,” ó sì ti ilẹ̀kùn.

Láti ìgbà náà ni mo ti ń wá ẹnu tí màá fi sọ èyí fún ọ. N kò rí i, n kò sì sọ ọ́. Lẹ́tà rẹ wá dé pẹ̀lú èsì fún ìbéèrè tí ọmọ náà bi mí.

Mo gbé ohun tí o wí lọ fún ẹ̀gbọ́n mi. Ó ń gé èékánná, kò tilẹ̀ gbójú sókè. Ó ní, “Bàbá rẹ̀ bí ọmọkùnrin. Kí ni mo fẹ́ wá ṣe níbẹ̀?” Ó ní tí mo bá bẹ òun, òun yóò dúró, ṣùgbọ́n gbogbo Ìjẹ̀bú-Òde tó bá wà nínú ṣọ́ọ̀ṣì ni yóò máa wo àga tí Táyọ̀ jókòó sí. Mo mọ̀ pé bẹ́ẹ̀ ni. Ọmọ tí bàbá rẹ̀ kò sí mọ́, àkọ́bí ọkùnrin bàbá rẹ̀ ló ń dúró fún un. A kì í sì í fi ìwé pè é sí i. Ìyàwó tuntun fúnra rẹ̀ ló ń lọ kúnlẹ̀ fún un nílé bàbá wọn. Bí mo bá lọ dípò rẹ, yóò gbà, nítorí pé ó ní ìwà. Lọ́jọ́ náà yóò fà ọ́ lé ọkọ lọ́wọ́ bí ẹni tó ń fi ẹrù jíṣẹ́, lẹ́yìn ìyẹn ó parí. Àwa ìyá yín ti bá yín gba ìdógò kan. A kò lè gba èyí.

Nítorí náà, ìmọ̀ràn tó kẹ́yìn nìyí, n kò mọ nọ́mbà tó jẹ́ mọ́. Iṣẹ́ wà tí a ń rán ni, iṣẹ́ sì wà tí a kì í rán ni. Ẹni tó bá mọ ìyàtọ̀ láàárín méjèèjì kò ní fi ìdajì ayé rẹ̀ máa dúró de oníṣẹ́.

Mo ṣí àpótí rẹ láàárọ̀ yìí. Ọ̀pá náà wà lábẹ́ yunifọ́ọ̀mù rẹ, wáyà rẹ̀ ṣì wé bí o ṣe wé e. Mo nù ún. Mo dì í pọ̀ mọ́ lẹ́tà yìí, pẹ̀lú gàárì díẹ̀, ẹni tó ń padà sí Ìbàdàn ni yóò gbé e fún ọ. Kásẹ́ẹ̀tì ni o ní kí n fi ránṣẹ́, èyí tí mo lè fi ránṣẹ́ nìyí. Má ṣe wò ó bóyá ó bá ẹ̀rọ Fẹ́mi mu. Kì í ṣe ibẹ̀ ni mo fi í ránṣẹ́ sí.

Ṣọ́ọ̀bù máa ń tì lọ́sàn-án Sátidé, Táyọ̀ yóò sì wà nílé ní Ìtọ̀rò. N kò ní bá ọ lọ. Orúnkún mi kò gbé e, kò sì yẹ kí n lọ. Má kọ èsì sí mi. Bí o bá lọ, màá gbọ́ kí ilẹ̀ tó ṣú, nítorí pé ìyálé mi kò lè fi irú ìyẹn sínú. Bí o kò bá lọ, n kò ní bá ọ sọ ọ́ mọ́. Ẹ̀gbọ́n mi yóò dúró fún ọ, màá wọ aṣọ mi, màá sì jókòó níwájú.

Ọlọ́run yóò fi iṣẹ́ rẹ ṣe ìrọ̀rùn fún ọ. Kí Fẹ́mi fún mi. Sọ fún un pé nílé bàbá rẹ, a kì í dá géèmù yẹn gbá, àti pé o mọ ẹni tó mọ nọ́mbà rẹ̀.

Ọkọ̀ kejì ṣì wà níbi tó wà.

Èmi ni,
ìyá rẹ.